Ẹ Kọ Orúkọ Marcel Dalio Sí I: Lẹ́tà Ṣíṣí sí Ilé-iṣẹ́ Warner Bros.

Sí ẹ̀yin alákòóso ilé-iṣẹ́ Warner Bros., ní Burbank, ìpínlẹ̀ Kalifọ́níà.

Mo kí yín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀. Àwọn tó ń bójú tó fíìmù àtijọ́ láàárín yín ni mo ń kí jù, torí ọwọ́ wọn ni ọ̀rọ̀ yìí wà. Ohun tí mo ń tọrọ kò ju ìlà kan lọ: nígbàkigbà tí ẹ bá tún máa gbé Casablanca, fíìmù yín ti 1942, jáde, ẹ jọ̀ọ́, lẹ́yìn tí eré bá ti parí, ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ pé Marcel Dalio ló ṣe Emil. Òṣèré ọmọ ilẹ̀ Faransé ni, orúkọ rẹ̀ kò sì sí nínú fíìmù náà.

Ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó fẹ́ràn fíìmù náà ni kò ní rántí ẹni tó ń jẹ́ Emil. Òun ni ọkùnrin tí kò ga, tó ń darí tábìlì tẹ́tẹ́ nínú ilé ọtí Rick, akọni fíìmù náà tí Humphrey Bogart ṣe. Á wọlé, á sọ gbólóhùn kan, á tún jáde. Ṣùgbọ́n ẹ mú un kúrò níbẹ̀ ná, kí ẹ wá wo ohun tó máa ṣẹ́kù.

Ẹ jẹ́ ká dúró ti tábìlì tẹ́tẹ́ náà díẹ̀. Ọmọkùnrin kan ará Bulgaria, Jan Brandel, jókòó síbẹ̀, owó ọwọ́ rẹ̀ sì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán. Òun àti ìyàwó rẹ̀, Annina, ń wá owó físà tí wọ́n máa fi sá lọ sí Amẹ́ríkà. Owó náà kò tó, Annina sì ti ń rò ó pé kí òun fi ara òun ṣe owó fún ọ̀gá ọlọ́pàá. Rick wá dúró lẹ́yìn ọmọkùnrin náà. Ó bi í pé ṣé ó ti fi owó lé nọ́ńbà 22 lálẹ́ yìí. Ó tún un sọ: 22. Ó wá gbójú sókè, ó wo Emil. Emil náà wò ó. Kò sí ẹni tó lanu. Wẹ́rẹ́ báyìí ni wọ́n wo ara wọn, bóyá ọ̀pọ̀ òǹwòran kò tiẹ̀ ní kíyè sí i, ṣùgbọ́n nínú ìwò yẹn ni ọ̀gá ti pàṣẹ, tí ọmọ iṣẹ́ sì ti gbọ́. Ọpọ́n tẹ́tẹ́ yí, 22 ló mú. Rick ní kí Jan má kó owó náà, kó fi í síbẹ̀. Ọpọ́n tún yí, 22 náà ló tún mú. Rick ní kó kó owó rẹ̀ ńlẹ̀, kó má sì padà wá mọ́. Ó wá bi Emil pé báwo ni ọjà ṣe ń lọ lálẹ́ yìí. Emil dá a lóhùn pé ó fi ẹgbẹ̀rún bíi mélòó kan dín sí ohun tí òun rò.

Rick ló rò ó, Emil ló ṣe é. Nígbà tó tán, Annina fò mọ́ Rick lọ́rùn. Sascha tó ń ta ọtí fẹnu ko Rick lẹ́rẹ̀kẹ́. Inú Carl, ẹni tó ń bójú tó àwọn oníbàárà, dùn débi pé kò mọ ohun tí ì bá ṣe. Kò sí ẹni tó yíjú sí Emil. Bí ìtàn ṣe fẹ́ kó rí nìyẹn, mi ò bá ìtàn jà. Ohun tó ń dùn mí ni pé bẹ́ẹ̀ náà ló rí lẹ́yìn ìtàn. Orúkọ Joy Page tó ṣe Annina wà ní ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù. Orúkọ Leonid Kinskey tó ṣe Sascha wà níbẹ̀. Orúkọ S. Z. Sakall tó ṣe Carl wà níbẹ̀. Orúkọ ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ yí ọpọ́n kò sí. Ti Helmut Dantine, tó ṣe ọmọkùnrin tí wọ́n gbà sílẹ̀ yẹn gan-an, kò sí pẹ̀lú.

Ibì kejì ni èyí tí gbogbo ayé mọ̀. Àwọn Jámánì ti pàṣẹ fún Renault, ọ̀gá ọlọ́pàá tí Claude Rains ṣe, pé kó ti ilé ọtí Rick pa. Kò rí ìdí kankan tó máa dì mọ́. Rick bi í pé kí ni òun ṣẹ̀. Renault ní ó ya òun lẹ́nu, àní ó ya òun lẹ́nu gidigidi, láti rí i pé wọ́n ń ta tẹ́tẹ́ níbẹ̀. Kò tíì pa ẹnu dé tí Emil fi yọ sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́, tó na owó sí i: owó tẹ́tẹ́ tí ẹ jẹ rèé, ọ̀gá. Renault dúpẹ́ jẹ́jẹ́, ó gba owó náà, ó sì jágbe pé kí gbogbo èèyàn bọ́ síta kíá.

Ẹ padà lọ wo bí Dalio ṣe ṣe é. Kò rẹ́rìn-ín. Kò ṣẹ́jú. Ojú òṣìṣẹ́ tó ń jíṣẹ́ bó ṣe yẹ kó jẹ́ ẹ ló fi na owó náà, tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, bí ẹni tí kò gbọ́ nǹkan kan nínú ọ̀rọ̀ tí wọ́n ń sọ. Bó bá rẹ́rìn-ín músẹ́ péré, ẹ̀fẹ̀ yẹn ti bàjẹ́. Bó bá yá jù, Rains kò ní tíì pa irọ́ rẹ̀ tán. Bó bá falẹ̀, irọ́ náà á ti tutù kí owó tó dé. Àṣẹ̀ṣẹ̀gbọ́ ni ẹ̀fẹ̀ yẹn ń jẹ́ títí di òní, àwọn òǹkọ̀wé ìròyìn kò sì yé fi ọ̀rọ̀ Renault ṣe àpèjúwe àwọn olóṣèlú. Wọ́n yan Rains mọ́ àwọn tó ń du Oscar òṣèré amúgbálẹ́gbẹ̀ẹ́ fún ipa yẹn, ó sì tọ́ sí i. Àmọ́ ọ̀tún ló ń wẹ òsì, òsì ló ń wẹ ọ̀tún, lọwọ́ fi ń mọ́. Ọwọ́ kejì nínú ọ̀ràn yìí, ti Dalio ni.

Orúkọ òṣèré mẹ́rìnlá ló wà nínú àwọn orúkọ tí ẹ kọ sí iwájú fíìmù náà. Nínú wọn ni Madeleine LeBeau, ọmọ ilẹ̀ Faransé tó ṣe Yvonne, èyí tí omijé bò lójú nígbà tí wọ́n ń kọ Marseillaise, orin orílẹ̀-èdè Faransé, tó sì pariwo pé kí ilẹ̀ Faransé pẹ́ láyé. Ìyàwó Dalio ni. Àwọn méjèèjì jọ sá fún Hitler ni, wọ́n jọ wọ ọkọ̀ ojú omi kan náà, wọ́n jọ dé Hollywood, wọ́n sì jọ ṣiṣẹ́ nínú fíìmù yìí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ọdún 1942 yẹn kan náà ni ìgbéyàwó wọn tú ká. Orúkọ ìyàwó wà lójú pátákó. Ti ọkọ kò sí. Joy Page náà, ẹni tí Casablanca jẹ́ fíìmù àkọ́ṣe rẹ̀, tó sì jẹ́ ọmọ tí ìyàwó Jack Warner, ọ̀gá ilé-iṣẹ́ yín nígbà náà, gbé wálé ọkọ, orúkọ tirẹ̀ wà níbẹ̀. Mi ò bínú sí i, ó ṣe ipa rẹ̀ dáadáa. Mo kàn ń gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn kí ẹ lè rí i bí mo ṣe rí i ni: ọmọdébìnrin tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń dúró níwájú kámẹ́rà wà nínú ìwé, ọkùnrin tó ti ṣe méjì nínú àwọn fíìmù tó lókìkí jù lọ ní ilẹ̀ Faransé kò sí nínú ìwé.

Mo mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é nígbà yẹn. Àdéhùn iṣẹ́ ló ń sọ ẹni tí orúkọ rẹ̀ máa hàn. Ẹni tí wọ́n bá gbà fún ọjọ́ mélòó kan, owó rẹ̀ ni wọ́n á kà fún un, ó parí. Fíìmù ìgbà yẹn kò sì ní orúkọ jàn-ànràn-jan-anran tó ń gùn lọ sókè níparí bíi ti òde òní. Nítorí náà, kì í ṣe pé ẹnì kan jókòó, tó ní òun fẹ́ rẹ́ Dalio jẹ. Ó kàn ṣẹlẹ̀ bẹ́ẹ̀ ni, ó sì wà bẹ́ẹ̀ láti 1942. Ìyẹn ló jẹ́ kí ọ̀rọ̀ náà rọrùn lójú mi, torí kò sí ẹni tí ẹ máa dá lẹ́bi kí ẹ tó lè tún un ṣe.

Ẹ jẹ́ kí n wá sọ ẹni tó jẹ́ fún yín.

Israel Moshe Blauschild ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́. Paris ni wọ́n ti bí i, ní 1899, àwọn òbí rẹ̀ sì jẹ́ Júù tó ti Romania wá. Ó lọ sí Conservatoire, ilé ẹ̀kọ́ eré ṣíṣe, ní Paris, láti 1920 ló sì ti ń ṣeré ní àwọn ibi ijó àti ẹ̀fẹ̀ tó kún ìlú náà fọ́fọ́. Nígbà tó bọ́ sínú fíìmù, ojú rẹ̀ ni wọ́n ń tà. Ojú ńlá tó dúdú, imú gígùn, irun dídán: ipa ọ̀dàlẹ̀ àti olófòófó ni wọ́n sábà máa ń gbé fún un. Ní 1937, nínú Pépé le Moko tí Julien Duvivier darí, òun ló ṣe L'Arbi, ọ̀kan nínú àwọn tó ń ta àṣírí ọ̀daràn fún ọlọ́pàá ní Algiers. Bí wọ́n ṣe ń rí òṣèré bíi tirẹ̀ nìyẹn. Wọ́n wo ojú, wọ́n fi ojú pín ipa.

Ọdún yẹn kan náà ni Jean Renoir, olùdarí fíìmù ọmọ ilẹ̀ Faransé, fún un ní nǹkan mìíràn. Nínú La Grande Illusion, Dalio ni Rosenthal, ọmọ ìdílé Júù olówó, tó wà lẹ́wọ̀n ogun ní Jámánì nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní. Jean Gabin, Pierre Fresnay àti Erich von Stroheim ni àwọn orúkọ ńlá inú rẹ̀. Àwọn ẹbí Rosenthal ń fi ẹrù oúnjẹ ránṣẹ́ láti Paris, ó sì ń bá àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ pín in, débi pé oúnjẹ àwọn ẹlẹ́wọ̀n dára ju ti àwọn ẹ̀ṣọ́ tó ń ṣọ́ wọn lọ. Inú rere rẹ̀ kò ní ariwo. Ó máa ń fi ìyangàn díẹ̀ lù ú, bí ọmọ olówó ṣe máa ń ṣe, ìyẹn ló sì jẹ́ kó dà bí èèyàn gidi.

Lẹ́yìn tí òun àti Maréchal, tí Gabin ṣe, ti sá kúrò lẹ́wọ̀n, ẹsẹ̀ Rosenthal rọ́. Òtútù ń mú wọn, ebi ń pa wọ́n, kò sì lè rìn mọ́. Maréchal gbaná jẹ. Ó sọ ọ́ sí i lójú pé òun kò fẹ́ràn Júù rí, ó sì yí padà, ó ń lọ. Rosenthal jókòó sórí òkúta, ó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìbínú pariwo kọ orin ọmọdé kan nípa ọkọ̀ ojú omi kékeré. Ẹkún wà nínú orin yẹn, àmọ́ kò jẹ́ kó jáde. Ibi tó ti ń kọ ọ́ lọ́wọ́ ni Maréchal ti padà, tó dúró sí i lẹ́gbẹ̀ẹ́ láìsọ̀rọ̀, tí wọ́n sì tún jọ ń lọ. Nínú gbogbo fíìmù tí mo ti wò nípa ogun, mi ò mọ ibi tí èèyàn méjì ti bá ara wọn jà tí wọ́n sì ti parí ìjà báyìí láìtọrọ àforíjì. Gabin ló padà wá. Ṣùgbọ́n orin Dalio ló fà á padà.

Ọdún méjì lẹ́yìn rẹ̀, ní 1939, Renoir tún pè é fún La Règle du jeu. Lọ́tẹ̀ yìí ó sọ ọ́ di ọlọ́lá: Robert de la Chesnaye, ìjòyè tó ní ilé ńlá àti igbó ọdẹ ní Sologne. Àwọn kan kò gbà pé ojú bíi ti Dalio lè jẹ́ ojú ìjòyè Faransé, Renoir sì mọ̀ bẹ́ẹ̀, torí ó kọ ọ́ sínú eré náà. Nígbà tí àwọn ọmọ ọ̀dọ̀ ń jẹun ní ilé ìdáná, ọ̀kan nínú wọn mú un wá sọ pé bàbá ìyá ọ̀gá àwọn ń jẹ́ Rosenthal, pé Frankfurt ló ti wá tààrà. Orúkọ ẹlẹ́wọ̀n inú fíìmù àkọ́kọ́ nìyẹn o! Alásè ilé náà ló wá gbèjà ọ̀gá rẹ̀. Ó ní lọ́jọ́ kan, ọ̀gá pe òun, ó bá òun wí lórí sàláàdì pòtétò: kí sàláàdì yẹn tó lè dùn, ìgbà tí pòtétò bá ṣì ń gbóná janjan ni kí wọ́n da wáìnì funfun sí i, ọmọ iṣẹ́ alásè kò sì ṣe bẹ́ẹ̀, kí ọwọ́ rẹ̀ má bàa jó. Alásè ní ẹni tó lè tọ́ irú ìyẹn mọ̀, ọ̀tọ̀kùlú gidi ni. Dalio kò sí níbẹ̀ rárá nígbà tí wọ́n ń sọ ọ́, síbẹ̀ kò sí ibi tí wọ́n ti ṣàlàyé rẹ̀ tó báyìí.

Ibi tí mo fẹ́ràn jù ni ti ẹ̀rọ orin. La Chesnaye máa ń kó àwọn ẹ̀rọ olórin àtijọ́ jọ. Lálẹ́ ọjọ́ àríyá, ó ṣí aṣọ lójú èyí tó tóbi jù, èyí tí ère kéékèèké ń lu agogo lára rẹ̀, kámẹ́rà sì rọra ń lọ láti ara àwọn ère náà dé ojú rẹ̀. Ó ń fi áńkáṣíìfù nu ojú. Ó fẹ́ rẹ́rìn-ín, ojú sì ń tì í. Inú rẹ̀ ń dùn bí ọmọdé, ẹ̀rù sì ń bà á pé wọ́n lè fi òun ṣe yẹ̀yẹ́. Renoir fúnra rẹ̀ sọ nígbà tó dàgbà pé àwòrán yẹn ni èyí tó dára jù lọ tí òun yà láyé òun. Ohun tó sì wà nínú àwòrán náà kò ju ojú Marcel Dalio lọ.

Nígbà tí fíìmù náà jáde ní July 1939, àwọn èèyàn hó lé e lórí. Wọ́n gé e, kò sì pẹ́ tí ogun bẹ̀rẹ̀ tí ìjọba fi fòfin dè é.

Ní June 1940, kí àwọn ọmọ ogun Jámánì tó wọ Paris, Dalio àti Madeleine sá. Wọ́n dé Lisbon. Oṣù méjì ni wọ́n fi wá físà Chile. Wọ́n wọ ọkọ̀ ojú omi àwọn Pọtogí kan tó ń jẹ́ Quanza. Nígbà tí ọkọ̀ dé Mẹ́síkò, wọ́n rí i pé ayédèrú ni físà náà, wọ́n sì há síbẹ̀ pẹ̀lú àwọn èèyàn mìíràn tí ogun lé kúrò nílé. Ìwé ìrìnnà onígbà díẹ̀ tí Kánádà fún wọn ni wọ́n fi wọ Amẹ́ríkà. Ẹ̀yin tí ẹ ya Casablanca, ẹ ò rí i bí? Ìtàn tí ẹ̀ ń san owó fún àwọn òǹkọ̀wé láti kọ, lórí Lisbon, lórí físà, lórí ìwé àṣẹ tó lè jẹ́ irọ́, òṣèré yín ti fi ara rẹ̀ là á kọjá. Nígbà tó dúró lẹ́yìn tábìlì yẹn, tó ń wo Jan Brandel tó ń fi owó físà ta tẹ́tẹ́, kò sí ẹni tó ní láti ṣàlàyé fún un ohun tí físà jẹ́.

Àwọn Násì kò gbàgbé rẹ̀ ní tiwọn. Wọ́n mú fọ́tò rẹ̀, èyí tí wọ́n ti yà fún ìpolówó fíìmù, wọ́n fi ṣe pósítà, wọ́n lẹ̀ ẹ́ káàkiri pé bí ojú Júù ṣe ń rí nìyí, kí àwọn èèyàn lè máa dá àwọn Júù mọ̀. Ojú tí Renoir sọ pé òun kò ya irú rẹ̀ rí ni. Àwọn ẹbí rẹ̀ tó kù sílẹ̀ lẹ́yìn, inú àgọ́ ikú àwọn Násì ni wọ́n kú sí.

Ẹ wá fojú inú wò ó. Ní ìlú rẹ̀, wọ́n lẹ ojú rẹ̀ mọ́ ògiri láti fi kó ìkórìíra jọ. Ní ìlú tó sá sí, ojú rẹ̀ wà nínú fíìmù tó lókìkí jù lọ lòdì sí àwọn tó lé e, láìsí orúkọ. Ìdí nìyí tí mi ò fi lè gbà pé ọ̀rọ̀ kékeré ni ọ̀rọ̀ yìí.

Kò ráhùn o. Ó ṣiṣẹ́ ni. Ní 1941, kí Casablanca tó dé, ó ti yí ọpọ́n tẹ́tẹ́ nínú The Shanghai Gesture fún Josef von Sternberg, ó sì jọ pé ibẹ̀ ni Hollywood ti pinnu ohun tó máa fi í ṣe. Ọmọ Faransé tó ń gbé oúnjẹ, ọmọ Faransé tó ni ilé ọtí, ọlọ́pàá Faransé, àlùfáà Faransé. Àmọ́ ó tún rí ipa Georges Clemenceau, olórí ìjọba ilẹ̀ Faransé, nínú Wilson ní 1944. Ọdún yẹn kan náà ni ẹ̀yin náà fún un ní ipa tó ní láárí nínú To Have and Have Not: Gérard tó ni òtẹ́ẹ̀lì ní Martinique, tí Bogart ń pè ní Frenchy. Orúkọ rẹ̀ wà nínú ìyẹn. Ẹ ti kọ ọ́ rí, ẹ mọ bí wọ́n ṣe ń kọ ọ́.

Lẹ́yìn ogun, ó ń lọ ó ń bọ̀ láàárín Paris àti Hollywood. Ó wà nínú Les Maudits ti René Clément, ó wà nínú Gentlemen Prefer Blondes, ó wà nínú Donovan's Reef ti John Ford, ó wà nínú How to Steal a Million. Nínú Sabrina ti 1954, òun ni àgbàlagbà ọlọ́lá tó bá Audrey Hepburn pàdé ní ilé ẹ̀kọ́ oúnjẹ sísè ní Paris. Ó wo oúnjẹ ọmọbìnrin náà tí kò wú, ó rí i pé kò tan ààrò rárá, ó sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé ìfẹ́ ló ń dá a lóró. Ìṣẹ́jú mélòó kan, ó ti kọjá. Bí iṣẹ́ rẹ̀ ṣe rí nìyẹn. Á wọlé, á gbé eré náà sókè fún ẹni tí wọ́n tìtorí rẹ̀ wá sí sinimá, á sì yẹra kí ìmọ́lẹ̀ lè dé ara onítọ̀hún.

Ó kù ohun kan tó kàn yín gbọ̀ngbọ̀n. Ní 1955, ilé-iṣẹ́ yín sọ Casablanca di eré orí tẹlifíṣọ̀n. Ẹ tún ránṣẹ́ pe Dalio, ẹ sì fún un ní ipa ọ̀gá ọlọ́pàá. Ẹni tó na owó tẹ́tẹ́ sí ọ̀gá ọlọ́pàá ní 1942 ló wá di ọ̀gá ọlọ́pàá fúnra rẹ̀. Eré náà kò pẹ́ kó tó kásẹ̀ nílẹ̀. Ṣùgbọ́n ó fi hàn pé ilé-iṣẹ́ yín kò gbàgbé ẹni tó wà lẹ́yìn tábìlì yẹn.

Àwọn kan máa sọ pé kí wọ́n má fọwọ́ kan iṣẹ́ àtijọ́, pé bí wọ́n ṣe gbé e jáde ní 1942 ni kó wà títí. Mo fara mọ́ wọn. Mi ò ní kí ẹ gbẹ́ orúkọ sáàárín àwọn mẹ́rìnlá ìbẹ̀rẹ̀ yẹn, mi ò ní kí ẹ fọwọ́ kan àwòrán kan tàbí ohùn kan. Nígbà tí wọ́n bá tún fíìmù àtijọ́ ṣe, wọ́n sábà máa ń fi ojú ìwé kan sí ìparí, níbi tí wọ́n ti ń dárúkọ àwọn tó tún un ṣe, àwọn tó fọ ohùn rẹ̀, àwọn tó ya owó sọ́tọ̀. Bí ibẹ̀ bá gba àwọn tó fọ fíìmù, ó gbọ́dọ̀ gba àwọn tó wà nínú fíìmù. Àwọn mìíràn máa ní orúkọ rẹ̀ wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì, kí ẹni tó bá fẹ́ mọ̀ ọ́n lọ wá a. Òótọ́ ni. Àmọ́ ẹni tó bá ti mọ̀ pé ó yẹ kí òun wá a nìkan ló máa wá a. Àwọn tó kù á máa wo Emil, wọ́n á rẹ́rìn-ín sí owó tó nà, wọ́n á sì lọ sùn.

Ẹ ṣe ẹ̀dà tuntun tó mọ́lẹ̀ kedere ní 2022 nígbà tí fíìmù náà pé ọgọ́rin ọdún. Ní 2042 ó máa pé ọgọ́rùn-ún, mo sì mọ̀ pé ẹ máa ṣe ayẹyẹ. Ẹ má dúró di ìgbà yẹn. Àwọn ilé tí ẹ ń gbé fíìmù náà fún láti fi hàn lórí íntánẹ́ẹ̀tì ní ojú ewé tí wọ́n ń kọ orúkọ òṣèré sí. Ẹ lè fi orúkọ rẹ̀ ránṣẹ́ sí wọn lọ́la.

Bí ẹ bá sì ti ń kọ ọ́, ẹ má fi mọ sórí Dalio nìkan. Ẹ kọ Helmut Dantine tó ṣe Jan. Ẹ kọ Ludwig Stössel àti Ilka Grüning, tọkọtaya àgbàlagbà tó ń fi Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ́ bi ara wọn ní aago tó lù. Ẹ kọ Lotte Palfi, obìnrin tó ń ta dáyámọ́ńdì rẹ̀, tó ń bẹ ẹni tó ń rà á pé kó jọ̀ọ́ fi díẹ̀ kún owó. Ẹ kọ Wolfgang Zilzer, ẹni tí wọ́n yìnbọn pa lábẹ́ àwòrán Pétain, olórí ilẹ̀ Faransé nígbà náà, nítorí pé ọjọ́ ti kọjá lórí ìwé rẹ̀. Púpọ̀ nínú wọn ló sá fún ìjọba Násì ní tòótọ́, tó sì wá ń ṣe asásálà fún yín níwájú kámẹ́rà.

Dalio padà sílé níkẹyìn. Ní 1973, Gérard Oury fún un ní ipa rábì (aṣáájú ẹ̀sìn Júù) tòótọ́ nínú Les Aventures de Rabbi Jacob, àgbàlagbà tí àwọn aládùúgbò rẹ̀ ní New York fi ijó àti orin sìn dé ọ̀nà, tó ń padà sí ilẹ̀ Faransé lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún ní Amẹ́ríkà. Louis de Funès, aláwàdà ńlá inú fíìmù náà, ni wọ́n tìtorí rẹ̀ wá, gẹ́gẹ́ bí àṣà. Fíìmù yẹn ni wọ́n wò jù ní ilẹ̀ Faransé lọ́dún náà, ojú tí wọ́n fi ṣe pósítà ìkórìíra ní 1940 sì ni àwọn mílíọ̀nù ọmọ Faransé jókòó wò, tí wọ́n ń rẹ́rìn-ín ayọ̀, tí wọ́n sì fẹ́ràn rẹ̀. Orúkọ rẹ̀ wà nínú fíìmù náà. Ó kú ní Paris ní 1983.

Mo ń retí èsì yín. Bó bá jẹ́ pé ẹ ti ń gbèrò rẹ̀ tẹ́lẹ̀, ẹ jẹ́ ká gbọ́, inú wa máa dùn. Bí kò bá rí bẹ́ẹ̀, ẹ jọ̀ọ́, ẹ pe ẹni tó ń bójú tó ọ̀rọ̀ náà, ẹ jẹ́ kó kọ ọ́ sílẹ̀ báyìí: Emil, Marcel Dalio.

Èmi ni tiyín,
Ọ̀kan nínú àwọn òǹwòran yín